American Pie (ọ̀wọ́ fíìmù)

American Pie jẹ́ ọ̀wọ́ fíìmù apanilẹ́rìn-ín ti ilẹ̀ Amẹ́ríkà tí Adam Herz dá sílẹ̀, tí iléeṣẹ́ Universal sì gbé jáde. Àkọ́kọ́ jáde ní oṣù Keje ọdún 1999. Nínú rẹ̀, àwọn ọmọkùnrin mẹ́rin tó wà ní ọdún àṣekágbá nílé ẹ̀kọ́ girama jọ mulẹ̀ pé dandan ni kí àwọn mọ obìnrin kí àwọn tó jáde. Ìlú àròsọ ni East Great Falls, ní ìpínlẹ̀ Michigan, níbi tí ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. East Grand Rapids tí Herz gbé dàgbà ló fi ṣe àwòṣe.

Irú eré ìsọkúsọ báyìí ti wà tipẹ́. Fíìmù Porky's ti pawó rẹpẹtẹ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, kí wọ́n tó pa irú rẹ̀ tì. Herz pàápàá mọ̀ bẹ́ẹ̀: àkọlé tó fún ìwé eré rẹ̀ nígbà tó ń kó o kiri jẹ́ gbólóhùn gbọọrọ kan tó jẹ́wọ́ pé ọ̀pọ̀ òǹkàwé ni yóò kórìíra rẹ̀. Fíìmù náà ná nǹkan bíi mílíọ̀nù 11 dọ́là, ó sì pa owó tó lé ní mílíọ̀nù 230 wálé. Orúkọ Paul Weitz nìkan ni wọ́n kọ bí olùdarí, ṣùgbọ́n òun àti Chris àbúrò rẹ̀ ni wọ́n jọ ṣe é.

Ìran páì ni gbogbo ayé mọ̀ jù. Jim, tí Jason Biggs ṣe, gbọ́ lẹ́nu ọ̀rẹ́ pé bíi páì ápù gbígbóná ni obìnrin ṣe ń rí. Ó délé, ó bá páì tí ìyá rẹ̀ ṣe nílé ìdáná, ló bá ní kí òun dán ọ̀rọ̀ náà wò. Ibẹ̀ ló wà tí bàbá rẹ̀ fi wọlé. Bàbá kò lù ú. Ó jókòó tì í, páì tó ti bà jẹ́ wà níwájú wọn, ó ní àwọn á kàn sọ fún ìyá rẹ̀ pé àwọn ló jẹ ẹ́ tán. Eugene Levy ló ṣe bàbá yìí, òun gan-an sì ni òpó ọ̀wọ́ náà, nítorí inú fíìmù mẹ́jọ àkọ́kọ́ ló wà. Bí ẹni tí eegun ẹja há lọ́fun ló ṣe ń sọ ọ̀rọ̀ ìbálòpọ̀ fún ọmọ rẹ̀, síbẹ̀ kò yéé sọ ọ́.

American Pie 2 (2001) ló pawó jù. Nínú American Wedding (2003) ni Jim ti gbé Michelle, ọ̀rẹ́bìnrin rẹ̀, níyàwó. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ṣe mẹ́rin fún fídíò láàárín 2005 sí 2009. Yàtọ̀ sí Levy, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé orúkọ nìkan ló kù níbẹ̀. Àwọn òṣèré àkọ́kọ́ padà nínú American Reunion (2012). Levy kò sí nínú Girls' Rules (2020), tí àwọn ọmọbìnrin jẹ́ olú ẹ̀dá ìtàn rẹ̀.

Ipa kékeré ni ìyá Stifler, ọmọ ilé ẹ̀kọ́ Jim, tí Jennifer Coolidge ṣe, ṣùgbọ́n òun ni ọ̀pọ̀ èèyàn fi mọ̀ ọ́n títí eré tẹlifíṣọ̀n The White Lotus fi gba ẹ̀bùn Emmy fún un.

Ohun tí àwọn aṣelámèyítọ́ ń bá fíìmù àkọ́kọ́ jà lé lórí báyìí ni ìran Nadia, akẹ́kọ̀ọ́ kan tó wá láti ilẹ̀ òkèèrè. Jim fi kámẹ́rà kọ̀ǹpútà pa mọ́ sí yàrá rẹ̀ kí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ lè wo ọmọbìnrin náà níbi tó ti ń bọ́ṣọ, ó ṣèèṣì fi ránṣẹ́ sí gbogbo ilé ẹ̀kọ́. Nadia ni wọ́n dá padà sílùú rẹ̀. Ẹ̀sín lásán ni Jim jẹ. Nígbà tí Nadia tún yọjú nínú fíìmù kejì, Jim náà ló ṣì ń wá, bí ẹni pé kò sóhun tó ṣẹlẹ̀.