Ta Ni Yóò Jogún Cole?

Ní Thomas Estate l'Ékòó níbí, bí mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ bá ti parí, ìyá ìyàwó kì í pẹ́ béèrè ìgbà tí wọn yóò ṣe ìgbéyàwó ti kóòtù. Èmi tí fáìlì ilé ẹjọ́ ti sọ orí mi di ewú mọ ohun tí ìyá náà ń wá. Ilé ni, kì í ṣe òrùka.

Ìbéèrè ẹni tí yóò jogún ilé ti gbó ní Èkó. Nínú àṣà wa, aya kì í jogún ọkọ. Láyé àtijọ́, òun gan-an ni wọ́n máa ń ṣú lópó. Òfin ìgbéyàwó tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣe ní 1884 yí i padà: ẹni tó bá fi òfin náà gbéyàwó, aya kan ni yóò ní, aya àtọmọ ni wọn yóò sì pín ogún rẹ̀ fún bí òfin Gẹ̀ẹ́sì ṣe là á sílẹ̀. Àwọn Sàró, ìyẹn àwọn tó ti Sierra Leone padà wálé, tó kọ́lé alájà sí Marina mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí fún mọ̀lẹ́bí.

Ẹjọ́ Cole ló tú gbogbo rẹ̀ síta. John William Cole, ọmọ Èkó, gbé Mary Jane níyàwó ní ṣọ́ọ̀ṣì ní Sierra Leone, ó padà wálé, ó sì kú láìkọ wíìlì. Alfred ọmọ wọn kò ní làákàyè pípé. Ni A. B. Cole, arákùnrin olóògbé, bá dìde pé òun ni àṣà mọ̀ ní arólé. Ilé ẹjọ́ àkọ́kọ́ gbè é. Ní 1898, àwọn adájọ́ àgbà yí i dànù: ìgbéyàwó ṣọ́ọ̀ṣì ti fi ipò tí àṣà kò mọ̀ wọ tọkọtaya náà, nítorí náà Alfred ló ni ogún.

N kò bú A. B. Cole o. Láyé ìgbà yẹn, ẹni tó jogún ilé ló ń jogún ẹrù ọmọ inú rẹ̀.

 

Ṣùgbọ́n ní 1924, nínú ẹjọ́ mìíràn, ti Smith àti Smith, adájọ́ sọ pé ìgbéyàwó ṣọ́ọ̀ṣì nìkan kò tó láti fi pín ogún. Kóòtù yóò wo bí olóògbé ṣe gbé ayé rẹ̀. Ẹ̀yin aládùúgbò mi, ẹ ṣe ti kóòtù, ẹ jó, ẹ jẹun, ṣùgbọ́n ẹ kọ wíìlì. Cole kò kọ ọ́.