Abilékọ, Opó àti Dálémoṣú: Àwọn Orúkọ tí Òfin fi ń pe Obìnrin

Ní ọjọ́ ìsinmi, nígbà tí àlùfáà bá ń kéde orúkọ àwọn tí ó fẹ́ gbéyàwó, ìjọ a máa gbọ́ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì méjì tí ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parẹ́ ní ibòmíràn: a pe ọkùnrin ní bachelor, a sì pe obìnrin ní spinster. Bí a bá bi àwọn ènìyàn léèrè ohun tí ọ̀rọ̀ kejì yìí jẹ́, wọn yóò dáhùn pé ọmọbìnrin tí kò tí ì ní ọkọ ni. Òtítọ́ ni. Ṣùgbọ́n ìtumọ̀ rẹ̀ ní ìpilẹ̀ṣẹ̀ ni obìnrin tí ń ran òwú, gẹ́gẹ́ bí àwọn ìyá wa àgbà ti ń ràn án kí wọn tó gbé e fún ahunṣọ. Nítorí pé iṣẹ́ yìí ni ọ̀pọ̀ ọmọbìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi ń jẹun kí wọn tó lọ sí ilé ọkọ, àwọn akọ̀wé ilé-ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀ sí kọ ọ́ tẹ̀ lé orúkọ wọn, ó sì di orúkọ òfin fún obìnrin tí kò ní ọkọ, bí kò tilẹ̀ fọwọ́ kan òwú rí. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì tìkára wọn yọ ọ́ kúrò nínú ìwé ìgbéyàwó wọn ní ọdún 2005. Àwa ṣì ń kà á.

Mo fi ọ̀rọ̀ kékeré yìí bẹ̀rẹ̀ nítorí pé ó mú wa dé ibi tí à ń lọ. Orúkọ tí òfin fi ń pe obìnrin kì í ṣe orúkọ ìkíni lásán. Òun ni ilẹ̀kùn tí ohun-ìní rẹ̀ ń gbà wọlé, tí ó sì ń gbà jáde. Ilẹ̀ wa ní irú orúkọ bẹ́ẹ̀ kí òyìnbó tó dé, òyìnbó sì kó tirẹ̀ wá. Ìbéèrè tí òfin méjèèjì ń bi obìnrin kò jọra. Ti Gẹ̀ẹ́sì ń béèrè pé, Ta ni ó dà bò ọ́? Ti Yorùbá ń béèrè pé, Ilé wo ni o wà?

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ti Gẹ̀ẹ́sì. Nínú òfin wọn àtijọ́, ẹni tí kò ní ọkọ ni feme sole, obìnrin tí ó dá dúró. Ẹni tí ó ní ọkọ ni feme covert, obìnrin tí a dà bò. Ẹni tí ọkọ rẹ̀ ti kú ni relict, èyíinì ni ẹni tí a fi sílẹ̀ lẹ́yìn. Èdè Faransé ni méjì àkọ́kọ́, nítorí pé èdè yẹn ni àwọn amòfin Gẹ̀ẹ́sì ń lò fún ìgbà pípẹ́ lẹ́yìn tí àwọn ará Normandy ṣẹ́gun ilẹ̀ wọn ní ọdún 1066. Nínú orúkọ kejì ni agbára wà. William Blackstone, ẹni tí àwọn amòfin ń tọ́ka sí títí di òní, ṣàlàyé nínú ìwé rẹ̀ ti ọdún 1765 pé láti ọjọ́ ìgbéyàwó ni òfin kò tún mọ obìnrin sí ẹni kan lọ́tọ̀ mọ́. Abẹ́ ìyẹ́ ọkọ rẹ̀ ni ó wà. Owó rẹ̀, aṣọ rẹ̀, ẹran ọ̀sìn rẹ̀ di ti ọkọ. Bí ó bá ṣiṣẹ́ gba owó, ti ọkọ ni. Ilẹ̀ rẹ̀ kò kúrò ní orúkọ rẹ̀, ṣùgbọ́n ọkọ ni ó ń gba èrè orí rẹ̀. Kò lè dá pe ẹnikẹ́ni lẹ́jọ́ ní orúkọ ara rẹ̀. Àwọn ọlọ́rọ̀ rí ọgbọ́n dá sí i, wọn a máa fi ohun-ìní ọmọbìnrin wọn sí ọwọ́ alágbàtọ́. Ní ìlú Lọ́ńdọ̀nù pẹ̀lú, àṣà kan wà pé aya tí ó bá ń dá ṣòwò, kí a kà á sí feme sole nínú òwò náà. Relict ní tirẹ̀ tún gba ara rẹ̀ padà, a sì ń fún un ní ìdá kan nínú mẹ́ta ilẹ̀ ọkọ rẹ̀ láti máa jẹ nínú rẹ̀ títí di ọjọ́ ikú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe jẹ́ pé ikú ọkọ ni ó ń sọ obìnrin Gẹ̀ẹ́sì di ènìyàn lójú òfin. Òfin ọdún 1870 dá owó iṣẹ́ ọwọ́ aya sí fún un; ti ọdún 1882 ni ó sì fi gbogbo ohun-ìní rẹ̀ lé e lọ́wọ́.

Wàyí o, ẹ fetí sí àwọn orúkọ tiwa. Abilékọ. Ìyálé. Obìnrin ilé. Dálémoṣú. Nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ni a ti ń gbọ́ ilé. Èyí kì í ṣe èèṣì. Ìdílé ni ó ń tọrọ ọmọ lọ́wọ́ ìdílé. Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tí ó parí ní ọdún 1897 tí a kò sì tẹ̀ jáde títí di 1921, to àwọn ìgbésẹ̀ náà lẹ́sẹẹsẹ: ìṣíhùn, ìdána, lẹ́yìn náà ìgbéyàwó. Wúńdíá tí a ti ṣe ìdána rẹ̀ kì í ṣe ẹni tí ó dá dúró mọ́, bẹ́ẹ̀ ni kò sì tí ì dé ilé ọkọ, àfẹ́sọ́nà ni. Ọjọ́ tí a bá fi omi wẹ̀ ẹ́ lẹ́sẹ̀ ní ẹnu ọ̀nà ni ó di ìyàwó, bí ẹlòmíràn bá sì wọlé lẹ́yìn rẹ̀, ó di ìyálé. Gbogbo ẹni tí a bí sínú agbo ilé náà ṣáájú ọjọ́ tí ó wọlé ni ó ń pè ní ọkọ, àti ọkùnrin àti obìnrin. Títí di òní, obìnrin tí irun orí rẹ̀ ti funfun a máa pe arábìnrin ọkọ rẹ̀ ní ọkọ mi, kò sì sí ẹni tí yóò rẹ́rìn-ín.

Síbẹ̀, ilé tí ó gba obìnrin kò gbé ohun-ìní rẹ̀ mì. Ohun tí ó mú bọ̀ láti ilé baba rẹ̀, àti èrè ọjà rẹ̀, tirẹ̀ ni. Bí ó bá yá ọkọ rẹ̀ lówó, gbèsè ni ọkọ jẹ, ó sì lè sin ín. Ẹ wo Efúnróyè Tinúbú, ẹni tí ó ti jẹ́ aya Ọba Adélé ti Èkó, tí ó tún wá fẹ́ ẹlòmíràn lẹ́yìn rẹ̀, tí ó sì ń ṣòwò ńlá ní orúkọ ara rẹ̀ títí a fi fi í jẹ Ìyálóde Ẹ̀gbá ní ọdún 1864. Ọdún 1887 ni ó kú. Ká ní obìnrin Gẹ̀ẹ́sì ni, òfin ìbá ti ka púpọ̀ nínú ọrọ̀ rẹ̀ sí ti ọkọ rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ opó ni ó ṣòro jù. Nígbà tí a túmọ̀ Bíbélì sí èdè wa, opó ni a fi sí gbogbo ibi tí a ti ń sọ̀rọ̀ obìnrin tí ọkọ rẹ̀ kú, kò sì sí ọ̀rọ̀ tí ó dára jù ú lọ. Ṣùgbọ́n etí Yorùbá ayé àtijọ́ gbọ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ nínú rẹ̀. Ọkọ kan kú, ilé kò kú. Nítorí náà ni àṣà ṣe wà pé kí ẹnì kan nínú ìdílé òkú, àbúrò rẹ̀ tàbí ọmọ tí ìyàwó mìíràn bí fún un, ṣú u lópó, kí ó máa bọ́ ọ, kí ọmọ tí ó bá tún bí sì jẹ́ ọmọ ilé náà. Ẹni tí ó bá ka ìwé Rúùtù kò gbọdọ̀ sọ pé irú rẹ̀ ṣàjèjì sí òun. Opó lè kọ̀, kí ó padà sí ọ̀dọ̀ àwọn ènìyàn rẹ̀, tàbí kí ó jókòó ti àwọn ọmọ rẹ̀. Èmi kò wí pé kò sí ìnira nínú rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ni a fi agbára mú. Ohun kan sì dájú: opó kì í jogún ọkọ rẹ̀, nítorí pé ẹ̀jẹ̀ ni ogún Yorùbá ń tọ̀ lẹ́yìn. Ilé-ẹjọ́ ní Èkó sọ èyí gbangba ní ọdún 1929 nínú ẹjọ́ Sogunro-Davies àti Sogunro.

Ṣùgbọ́n nígbà tí ó di ọdún 1957, nínú ẹjọ́ Suberu àti Sunmonu, ilé-ẹjọ́ gíga ti ìjọba àpapọ̀ fi kún un pé ìyàwó kò lè jogún nítorí pé òun fúnra rẹ̀ dàbí ohun-ìní tí ìbátan ọkọ ń jogún. Níhìn-ín ni mo rò pé èdè òyìnbó ti tan àwọn adájọ́ jẹ. Ohun-ìní kì í ní ohun-ìní. Ẹni tí ó ní oko, tí ó ní ìsọ̀ lọ́jà, tí ó ń pe ọkọ rẹ̀ lẹ́jọ́ gbèsè, tí ó sì lè sọ pé òun kò ní jẹ́ kí a ṣú òun lópó, kì í ṣe ẹrù. Wọ́n túmọ̀ ìṣúpó sí jíjogún ènìyàn, wọ́n sì fi ìtumọ̀ náà dájọ́.

Bí ó bá tilẹ̀ jẹ́ pé opó kò jogún, òun ni a fi ń wọn ogún. Nínú ìpíngún tí à ń pè ní ìdí-igi, iye aya tí ó bímọ ni a ń kà, kì í ṣe iye ọmọ. Suberu Dawodu ti Èkó kú ní ọdún 1940, aya mẹ́rin ni ó bí ọmọ mẹ́sàn-án fún un. Àwọn kan ní kí a pín in ní orí-ò-jorí, sí ọ̀nà mẹ́sàn-án. Àwọn mìíràn ní ọ̀nà mẹ́rin ni. Ẹjọ́ náà lọ títí dé ọ̀dọ̀ ìgbìmọ̀ Ọbabìnrin ní Lọ́ńdọ̀nù, tí í ṣe Privy Council, àwọn náà sì dá a ní ọdún 1962 pé ìdí-igi ni òfin Yorùbá, ọ̀nà mẹ́rin ni kí a pín in sí. Igi mẹ́rin náà ni àwọn ìyá tí kò gba kọ́bọ̀ ní orúkọ ara wọn.

Ti dálémoṣú kúrú, ṣùgbọ́n ó yẹ kí a mọ̀ ọ́n. Òun ni ẹni tí ó fi ilé ọkọ sílẹ̀ tí ó padà sí ilé baba rẹ̀. Àwọn ènìyàn a máa fi orúkọ náà bú obìnrin. Síbẹ̀, ohun tí orúkọ náà ń jẹ́rìí sí ni pé ilé kan wà tí ó lè padà sí. Ọmọ ilé ni, ẹ̀tọ́ rẹ̀ nínú ilé baba rẹ̀ kò bá ìgbéyàwó lọ. Ní ọdún 1924, nínú ẹjọ́ Lopez àti Lopez ní Èkó, ilé-ẹjọ́ gbà pé ọmọbìnrin ní ìpín nínú ilé ìdílé gẹ́gẹ́ bí ọmọkùnrin. Feme covert tí ó bá sá jáde ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1800, aya ni síbẹ̀ lójú òfin, abẹ́ ìyẹ́ náà ni ó sì wà.

Báyìí ni ọ̀rọ̀ rí nígbà tí òfin méjèèjì pàdé ní Èkó. Ní ọdún 1863 ni a fi òfin Gẹ̀ẹ́sì lélẹ̀ níbẹ̀. Ní 1876 ni a dá ilé-ẹjọ́ gíga sílẹ̀, a ní kí ó máa lo àwọn òfin tí ó wà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọjọ́ 24 oṣù Keje ọdún 1874, kí ó sì máa pa àṣà ìbílẹ̀ mọ́ níbi tí kò bá ti tako ẹ̀tọ́. Ní 1884 ni òfin ìgbéyàwó dé, òun ni ó bí orúkọ tuntun ní ẹnu àwọn ará Èkó: aya alárédè. Àwọn ọmọbìnrin ìdílé Sàró fẹ́ ẹ púpọ̀, kì í sì í ṣe nítorí aṣọ funfun. Bí ọkọ alárédè bá kú láìkọ ìwé ìpíngún, aya rẹ̀ àti àwọn ọmọ ni yóò jogún ní ìlànà Gẹ̀ẹ́sì. Ìdá kan nínú mẹ́ta jẹ́ ti opó. Wọ́n dán ọ̀rọ̀ yìí wò ní ọdún 1898. Ọ̀gbẹ́ni Cole, ará Èkó, ti gbéyàwó ní ìlànà onígbàgbọ́ ní Sàró, ó kú, ó fi aya kan àti ọmọkùnrin kan sílẹ̀. Arákùnrin rẹ̀ ní nípa àṣà ìbílẹ̀ òun ni àrólé, ilé-ẹjọ́ àkọ́kọ́ sì gbè é. Àwọn adájọ́ tí ó gbọ́ ẹjọ́ náà lẹ́ẹ̀kejì yí i padà: wọ́n ní ìgbéyàwó onígbàgbọ́ ti fún tọkọtaya náà ní ipò tí àṣà ìbílẹ̀ kò mọ̀ rárá.

Ṣùgbọ́n ẹ tún wo ọjọ́ inú òfin 1876 nì. Òfin tí ó fi ohun-ìní aya lé e lọ́wọ́ dé ní 1882, ọdún mẹ́jọ lẹ́yìn 1874. Bí a bá mú òfin ní lẹ́tà rẹ̀, obìnrin Èkó tí ó fi òrùka sọ́wọ́ ní 1884 lọ bọ́ sábẹ́ ìyẹ́ tí àwọn ará Lọ́ńdọ̀nù ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde kúrò lábẹ́ rẹ̀. Yàtọ̀ sí owó iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀, ó ra ogún ọkọ pẹ̀lú ohun tí ìyá rẹ̀ alákọlà ní lọ́fẹ̀ẹ́. Ní ọdún 1914 ni a tó sún ọjọ́ náà síwájú dé ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1900.

Ìjọ náà kò bọ́ nínú ìdààmú orúkọ yìí. Nígbà tí àwọn bíṣọ́ọ̀bù pàdé ní Lambeth ní 1888, wọ́n ní kí a má ṣe ìrìbọmi fún ọkùnrin olóbìnrin púpọ̀, ṣùgbọ́n wọ́n gbà pé a lè ṣe é fún àwọn aya rẹ̀ nígbà mìíràn. Àwọn obìnrin tí ìjọ kò fẹ́ kí ọkọ wọn ní ju ọ̀kan lọ nínú wọn, ìwé ìpinnu náà pè wọ́n ní aya síbẹ̀. Ọgọ́rùn-ún ọdún gbáko ni ó gbà, ní 1988, kí Lambeth tó gbà pé kí baálé náà wọlé pẹ̀lú wọn, bí ó bá ṣèlérí láti má fẹ́ òmíràn mọ́.

Lónìí ọ̀pọ̀ obìnrin wa ń jẹ́ orúkọ méjèèjì pọ̀. Wọ́n ṣe ìdána ní ọjọ́ Ẹtì, wọ́n lọ sí ilé Ọlọ́run ní ọjọ́ Sátidé. Ẹlòmíràn rò pé alárédè ni òun, nígbà tí ó jẹ́ pé àlùfáà kàn súre fún wọn ni, nínú ilé ìsìn tí ìjọba kò fún ní ìwé àṣẹ ìgbéyàwó, tí a kò sì kọ orúkọ wọn sínú ìwé kankan. Lójú òfin, ìyàwó àṣà ìbílẹ̀ ni. Ní ọdún 2014, nínú ẹjọ́ Anekwe àti Nweke tí ó wá láti Awka ní ilẹ̀ Ìgbò, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ bá wí gidigidi pé a kò gbọdọ̀ lé opó kúrò nínú ilé ọkọ rẹ̀ nítorí pé kò bí ọmọkùnrin. Èyí ti ṣe ìtùnú fún púpọ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí opó bá dé iwájú akọ̀wé tí ń bójú tó ogún àwọn òkú, ohun tí akọ̀wé ń kọ́kọ́ béèrè ni ìwé ìgbéyàwó, èyí tí ó kọ spinster sí níwájú orúkọ rẹ̀ ní ọjọ́ tí ó fọwọ́ sí i.