Bí Kílípà Ṣe Wọ Ilé Wa

 Lẹ́yìn ìpàdé àdúrà tó kọjá, ọ̀dọ́mọkùnrin kan bi wá pé, "Dádì, ṣé lóòótọ́ ni pé ẹ̀yin fúnra yín lẹ ń gẹ irun yín?" Ni gbogbo wọn bá bú sẹ́rìn-ín. Lóòótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ìtàn wà nídìí ẹ̀, ẹ jẹ́ ká sọ ọ́ lónìí, torí àwọn ọmọ ìsinsìnyí rò pé láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni kílípà ti wà nínú yàrá bàbá wọn.

Nílẹ̀ Yorùbá, àwọn baba wa kì í fi ọ̀rọ̀ orí ṣeré. Wọ́n ń fá orí ọmọ tuntun, opó náà ń fárí. Ní Ọ̀yọ́ àtijọ́, àwọn ìlàrí tó jẹ́ ìránṣẹ́ Aláàfin á fá apá kan orí wọn, wọ́n á dá apá kejì sí, kí ẹni tó bá rí wọn lè mọ ẹni tó rán wọn níṣẹ́. Ọmọ tó bá jẹ́ Dàda, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ kàn gbé abẹ lé e lórí. Onígbàjámọ̀ ló ń ṣe iṣẹ́ yìí, abẹ, omi àti ọṣẹ ni irinṣẹ́ rẹ̀. Àwọn Haúsá onígbàjámọ̀ náà ń kiri pẹ̀lú àpò wọn. Wọ́n ní a kì í fárí lẹ́yìn olórí. Olórí á jókòó, á tẹ orí ba, á fi ọrùn sílẹ̀ fún ẹni tó mú abẹ lọ́wọ́. Ẹ wo irú ìfọkàntán tó wà níbẹ̀! Ẹni tí ẹ bá ń bá jà, ṣé ẹ máa jẹ́ kó fá orí yín?

Lẹ́yìn abẹ ni kílípà ọlọ́wọ́ dé, èyí tí wọ́n ń fún pọ̀ bíi sísọ́ọ̀sì. Tí ọwọ́ agẹrun bá yá jù, ńṣe ló máa ń fa irun tu. Ẹ̀yin ẹgbẹ́ wa, ẹ óò rántí omijé ọjọ́ Sátidé. Ti oníná, ọdún 1919 ni Leo Wahl, ní ìlú Sterling, Illinois, lọ́hùn-ún ní Amẹ́ríkà, béèrè fún ìwé ẹ̀tọ́ lórí tiẹ̀. Ó pẹ́ kó tó kárí ọ̀dọ̀ tiwa, ẹ ṣáà mọ bí ọ̀rọ̀ iná ṣe rí.

Ohun tó wá gbé kílípà kúrò ní ṣọ́ọ̀bù wọ ilé, kì í ṣe fáàrí o. Ẹ̀rù ni. Ní ọdún 1986 ni wọ́n ti kéde pé àrùn éèdì ti wọ Nàìjíríà, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ èèyàn ò gbà. Nígbà tí Fela kú ní ọjọ́ 2 oṣù Kẹjọ ọdún 1997, tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Olikoye Ransome-Kuti, tó ti jẹ́ mínísítà ètò ìlera rí, jáde sọ fún ayé pé àrùn yẹn ló pa á, ẹnu kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pa. Ojú tí a fi ń wo eyín kílípà yí padà. Agẹrun á fi sípíríìtì nù ún lójú yín, ọkàn yín ò ní balẹ̀ síbẹ̀. Bí àwọn ọkùnrin ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í ra tiwọn nìyẹn, wọ́n á fi sínú ọ̀rá dúdú, wọ́n á gbé e lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Kílípà ti di tiwa, àmọ́ ọwọ́ agẹrun ló ṣì ń lò ó.

Kòrónà ló wá já ọwọ́ yẹn gbà. Ìpínlẹ̀ Ògùn wa yìí ni ẹni àkọ́kọ́ tí wọ́n rí i lára rẹ̀ ní Nàìjíríà wà, ní ìparí oṣù Kejì ọdún 2020. Nígbà tó di ọjọ́ 3 oṣù Kẹrin, kónílé-ó-gbélé bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ wa. Ṣọ́ọ̀bù tì, ṣọ́ọ̀ṣì tì. Ọjọ́ 12 oṣù yẹn ni ọdún Àjíǹde, orí fóònù la sì ti máa wàásù. Irun wa ti kún bíi ti Ìsíkíẹ́lì nígbèkùn.

Ní alẹ́ Sátidé, a gbé dígí, a tan kílípà. A bẹ̀rẹ̀ láti apá ọ̀tún, ó ń lọ dáadáa, ni iná bá lọ. Kò sí epo nínú jẹnẹrétọ̀. Apá kan gọ́rímápá, apá kan igbó. Mama ìjọ gbé tọ́ọ̀ṣì wá, wọ́n wò wá títí, wọ́n ní, "Ìlàrí Aláàfin, ta ló rán yín?" Fìlà la dé wàásù Àjíǹde ọdún yẹn. Ẹ̀yin tí ẹ rò pé àṣà la gbé lárugẹ, ẹ foríjì wá.

Inú ọ̀sẹ̀ yẹn la tún ka ìwé Ìsíkíẹ́lì. Orí kẹta, Ọlọ́run ní kó lọ ti ara rẹ̀ mọ́lé. Orí karùn-ún, ó ní kó mú abẹ, kó fi fá orí àti irùngbọ̀n ara rẹ̀, kó sì wọn irun náà lórí òṣùwọ̀n. A ti ń wàásù nínú ìwé yẹn láti ìgbà tí a ti gba dípúlómà, a ò rí i rí pé wòlíì náà ò ní agẹrun. Ìlú Jerúsálẹ́mù tí ọ̀tá máa sé mọ́ ni irun yẹn dúró fún. Irun tí èèyàn fọwọ́ ara rẹ̀ fá nínú ìwé yẹn, àmì ìnìkanwà àti ìpọ́njú ni. Ó dùn wá lára.

Torí nígbà tí wọ́n ṣí ìlú, a ò padà sí ṣọ́ọ̀bù. Ọwọ́ wa ti mọ́ ọn, owó sì ń ṣẹ́ kù. Agẹrun wa, ọmọ ìjọ wa ni. Kò bínú, ó kàn sọ pé àwọn oníbàárà òun kan ò padà mọ́. A mọ̀ pé àwa náà wà níbẹ̀. Kò pẹ́ tó fi gbé ṣọ́ọ̀bù sílẹ̀, ó sì gba iṣẹ́ alẹ́ ní ilé iṣẹ́ kan nítòsí Sango.

Ìpàkọ́ onípàkọ́ là ń rí, ẹni ẹlẹ́ni ló ń rí tẹni. Dígí méjì la ń lò báyìí, síbẹ̀ ẹ̀yìn kì í gún. Tó bá ti di Sátidé tí kò sí lẹ́nu iṣẹ́, arákùnrin yẹn máa ń yà nílé, á gbé àpótí síta, á ní, "Dádì, ẹ ti gbìyànjú dé etí. Ẹ jókòó, ẹ jẹ́ ká ṣe ẹ̀yìn." A kì í jẹ́ kó lọ lọ́fẹ̀ẹ́.