Ẹrù àti Ẹni Tó Rù Ú: Ìtàn Ibi Tí Nǹkan Kì í Ti Wúwo

Mo jẹ gbèsè kan, mo sì fẹ́ san án lónìí.

Ní nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún sẹ́yìn, wọ́n pe èmi àti àwọn kan jọ pé ká wá ọ̀rọ̀ Yorùbá fún iṣẹ́ sáyẹ́ǹsì. Nígbà tó kan ipò tí àwọn tó lọ sí òfurufú máa ń wà, tí ṣíbí àti èèyàn jọ ń léfòó, èmi ni mo dá a lábàá pé ká pè é ní "ibi àìlóòfà". Gbogbo wa pàtẹ́wọ́. Ó kúrú, ó sì dùn létí. Oṣù tó kọjá ni akẹ́kọ̀ọ́ mi kan, tó ti di olùkọ́ báyìí, pè mí lórí fóònù. Ó ní, "Prof, ẹ kú iṣẹ́ o, sà. Ọmọ kan bi mí léèrè ní kíláàsì, mi ò sì mọ̀ ọ́n dáhùn. Ó ní bí òòfà ilẹ̀ ò bá sí lókè lọ́hùn-ún, kí ló wá di òṣùpá mú?"

Mo dákẹ́. Ọmọ náà mú mi. Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í wá ibi tí èrò yẹn ti wọ orí mi. Àṣé inú ìwé sáyẹ́ǹsì kọ́ o, inú ìwé ìtàn àròsọ ni.

Ẹni tí mo kọ́kọ́ bá lójú ọ̀nà ni Dante, akéwì ará Ítálì, ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún kẹrìnlá. Nínú ewì rẹ̀, òun àti Virgil sọ̀ kalẹ̀ dé àárín gbùngbùn ilẹ̀ ayé, wọ́n ń di irun ara Sátánì mú. Lójijì, Virgil yí orí sí ibi tí ẹsẹ̀ rẹ̀ wà, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í gùn. Dante rò pé wọ́n ti ń padà ni. Rárá o. Wọ́n ti kọjá ojú ibi tí gbogbo ohun tó wúwo ń wá lọ. Ibi tí wọ́n bá kọjú sí láti ibẹ̀, òkè ni. Dante ò ní kí ẹnikẹ́ni léfòó níbẹ̀, ṣùgbọ́n ó ti fi ojú ibì kan hàn wá tí ìwúwo ti ń yí padà.

Lẹ́yìn rẹ̀ ni Johannes Kepler, onímọ̀ ìràwọ̀ ará Jámánì. Ìwé rẹ̀, Somnium, ìyẹn "Àlá", jáde ní 1634, ọdún mẹ́rin lẹ́yìn ikú rẹ̀. Àwọn ẹ̀mí àìrí ló ń gbé èèyàn lọ sínú òṣùpá níbẹ̀. Ìgbéra náà le bí ìgbà tí ẹ̀tù bú gbàmù. Nígbà tó bá yá, ara á ká kò bí aláǹtakùn, torí ilẹ̀ ayé ń fà á síhìn-ín, òṣùpá ń fà á sọ́hùn-ún, agbára méjèèjì sì dọ́gba. Nínú ìtàn náà, ìyá kan wà tó ń bá ẹ̀mí sọ̀rọ̀. Àwọn èèyàn ti rí ìwé náà kó tó di títẹ̀, Kepler fúnra rẹ̀ sì gbà pé ó wà lára ohun tó jẹ́ kí wọ́n pe ìyá tòun ní àjẹ́. Wọ́n ti ìyá arúgbó náà mọ́lé ní 1620. Ọmọ rẹ̀ gbèjà rẹ̀ títí wọ́n fi tú u sílẹ̀ ní 1621. Ẹ ò rí i pé ọ̀rọ̀ tí a kọ sílẹ̀ lè jẹ́ iṣẹ́ tí a ò rán an.

Ní 1638, ìwé méjì jáde. Èkíní ni ti Francis Godwin, bíṣọ́ọ̀bù ará Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ti kú ní ọdún márùn-ún ṣáájú. Ará Sípéènì kan, Domingo Gonsales, so ọ̀wọ́ ẹyẹ ńlá mọ́ ìjókòó, wọ́n sì gbé e lọ sínú òṣùpá. Nígbà tí wọ́n gòkè dé ibì kan, òòfà ilẹ̀ ò ká wọn mọ́. Okùn dẹ̀, òun àti àwọn ẹyẹ dúró jẹ́ẹ́ láìṣe wàhálà kankan. Ààlà ni Godwin fà: níhìn-ín o wúwo, lọ́hùn-ún o ò wúwo mọ́.

Ìwé kejì ni ti Galileo. Ìjọ ti dá a lẹ́bi ní 1633, wọ́n há a mọ́lé, ojú rẹ̀ sì ti fọ́. Leiden, ní ilẹ̀ Nẹ́dálándì, ni wọ́n ti tẹ ìwé náà. Ìbéèrè kan wà nínú rẹ̀ tó yẹ ká fi sọ́kàn: bí o bá ru ẹrù, ó ń tẹ èjìká rẹ torí pé ìwọ ni o ò jẹ́ kó já bọ́. Bí ìwọ àti ẹrù bá wá jọ ń já bọ́ ní eré kan náà, báwo ló ṣe fẹ́ tẹ̀ ọ́?

Ó parí. Kò sí ààlà níbẹ̀, kò sí ibi àkànṣe kankan. Ọmọ tó já bọ́ lórí igi máńgòrò pẹ̀lú agbọ̀n lórí ti wà nípò yẹn kí ó tó gbálẹ̀.

Ṣùgbọ́n ààlà Godwin ni àwọn oníìtàn gbé lọ. Ní ohun tó lé ní 200 ọdún lẹ́yìn náà, Jules Verne ará Faransé fi ọkùnrin mẹ́ta sínú ọta ìbọn ńlá, ó yìn wọ́n síhà òṣùpá. Ìwé rẹ̀, Autour de la Lune, jáde ní 1870. Ó ní ẹsẹ̀ wọn ń tẹlẹ̀ nínú ọta náà títí wọ́n fi rin nǹkan bí ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá ọ̀nà, níbi tí ilẹ̀ ayé àti òṣùpá ti ń fa nǹkan dọ́gba. Ibẹ̀ ni wọ́n ti wá léfòó. Òótọ́ ni pé irú ojú ibi bẹ́ẹ̀ wà. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tí wọ́n ti kúrò nínú afẹ́fẹ́ ayé ni ọta àti èrò inú rẹ̀ ti jọ ń lọ ní eré kan náà; ó yẹ kí wọ́n ti máa léfòó látìgbà náà.

Èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín ni ti ajá wọn. Ajá náà kú, wọ́n jù ú síta, òkú rẹ̀ ò sì yà. Ó ń bá wọn lọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọta. Verne mọ̀ pé ajá ìta á máa bá ọta rìn. Kò wá bi ara rẹ̀ pé, kí ló mú èèyàn inú yàtọ̀ sí ajá ìta?

Konstantin Tsiolkovsky, olùkọ́ kan ní Rọ́ṣíà, tí àìsàn ti ba etí rẹ̀ jẹ́ láti kékeré, wà lára àwọn tó ka Verne. Ní 1883 ó kọ̀wé lórí bí ìgbé ayé ṣe máa rí níbi tí kò ti sí òkè tàbí ìsàlẹ̀ fún èèyàn. Ní 12 April 1961, Yuri Gagarin lọ fojú ara rẹ̀ rí i.

Lónìí, ibùdó òfurufú àgbáyé ń yí ayé po ní nǹkan bíi 400 kìlómítà lókè wa. Òòfà ilẹ̀ ibẹ̀ tó nǹkan bí ìdá 90 nínú 100 ti ibi tí a dúró sí yìí. Bí òòfà ò bá sí, ńṣe ni ibùdó náà á gba ọ̀nà tààrà lọ láìpadà. Ó ń já bọ́ ni, àmọ́ eré tó ń sá tó nǹkan bíi 28,000 kìlómítà ní wákàtí kan, ilẹ̀ ayé sì rí roboto, nítorí náà kì í bá ilẹ̀. Èèyàn, ṣíbí, omi inú ike, gbogbo wọn ló jọ ń já bọ́. Òòfà kan náà ló di òṣùpá mú. Ìdáhùn ọmọ yẹn nìyẹn.

Ẹ jẹ́ ká padà sí èdè, oko tèmi. Yorùbá á ní, "Ẹrù yìí wúwo lórí mi," "Ó wúwo lọ́wọ́ mi." Àárín ẹrù àti ẹni tó rù ú ni ìwúwo wà. Ohun tí Galileo ní ká rò, ó ti wà lẹ́nu ìyá tó ń ti ọjà bọ̀. Èmi tí wọ́n ń pè ní onímọ̀ èdè ló fò ó dá, tí mo lọ yá ààlà bíṣọ́ọ̀bù Godwin, tí mo sì fi kọ́ àwọn ọmọ wa.

Àbá mi tuntun rèé: "àjọjábọ́". Ipò ni, kì í ṣe ibì kan. Bí ẹ bá ní èyí tó dára jù ú lọ, ẹ mú un wá. Ẹ̀yin tí ẹ ti kọ "ibi àìlóòfà" sínú ìwé, tí ẹ sì ti fi kọ́ ọmọ, ẹ jọ̀ọ́, ẹ pa á rẹ́. Mo ti pe olùkọ́ náà padà. Mo ní kó dá ọmọ náà lóhùn níwájú kíláàsì, kó sì sọ pé Prof ló ṣì í.