Ọgbà Ẹranko: Bí A Ṣe Ń Kọ́ Ọ àti Ìdí Tí Ó Fi Wà

Ọgbà ẹranko ni ibi tí a ti ń tọ́jú ẹranko igbó fún ẹ̀kọ́, ìwádìí, ìgbafẹ́ àti ìdáàbòbò àwọn ẹ̀yà tí ó fẹ́ parun. Ti Yunifásítì Ìbàdàn bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1948 fún ẹ̀kọ́ nípa ẹranko.

Láyé àtijọ́, àhámọ́ onírin tóóró ni wọ́n ń kó ẹranko sí. Ní ọdún 1907, Carl Hagenbeck ṣí ọgbà kan ní Hamburg, ní Jámánì, níbi tí ó ti fi yàrà jíjìn rọ́pò irin, irú yàrà tí àwọn baba ńlá wa fi dáàbò bo ìlú. Láti ìgbà náà ni a ti ń kà á sí pé ẹranko nílò ilẹ̀, ibòji àti ibi ìfarapamọ́.

Ó yẹ kí ilé ẹranko apanijẹ ní ìyẹ̀wù méjì, kí olùtọ́jú lè ti ẹranko mọ́ ọ̀kan kí ó tó wọ èkejì. Èyí kì í ṣe àṣejù. Ní oṣù Kejì ọdún 2024, ní ọgbà ẹranko Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, Ilé-Ifẹ̀, kìnnìún pa olùtọ́jú tí ó ti ń bọ́ ọ láti ìgbà tí wọ́n ti bí i.

Nítorí náà, a rọ ẹ̀yin olùgbé ìpínlẹ̀ yìí: ẹ má ṣe kọjá odi, ẹ má ṣe ju oúnjẹ sí ẹranko, ẹ sì di ọwọ́ àwọn ọmọ yín mú. Ẹranko igbó tí ó mọ ènìyàn kò tíì di ẹran ọ̀sìn.