Ẹ̀rín nínú Ọdún Ìbí Olúwa

Nínú ìwé ìrántí bí irú èyí, àṣà ni láti dárúkọ àwọn tí wọ́n ti sùn nínú Olúwa, àti láti ròyìn bí a ti kọ́ ilé ìsìn, bí agogo ti dé, àti bí ìjọ ti ń gbòòrò sí i. Iṣẹ́ ńlá ni èyí, àwọn tí ó yẹ ni a sì fi lé lọ́wọ́. Ìpín tí ó bọ́ sí ọwọ́ tiwa kéré jù bẹ́ẹ̀ lọ: kí a sọ ìtàn díẹ̀ nípa ohun ẹ̀rín tí ó ti ń bá ọdún Kérésìmesì rìn láti ìgbà àtijọ́ wá. Bóyá ẹlòmíràn yóò béèrè pé, kí ni ẹ̀rín wá ṣe nínú ìwé ìrántí ọgọ́rùn-ún ọdún? Èsì wa ni pé ọgọ́rùn-ún Kérésìmesì ni ó wà nínú ọgọ́rùn-ún ọdún, a kò sì rò pé ọ̀kan nínú wọn kọjá láìsí ẹ̀rín. Nígbà mìíràn Ìjọ fi àyè gba ẹ̀rín náà, nígbà mìíràn ó lé e jáde. Ó yẹ kí a mọ ohun tí ó ti ìdí ọ̀kọ̀ọ̀kan jáde, nítorí ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ.

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, níbi tí àṣà Ìjọ wa ti ṣẹ̀ wá. Ní àwọn ilé ìsìn ńláńlá ibẹ̀ ní ìgbà láéláé, bí ó bá ti di ọjọ́ Nicholas Mímọ́, èyí tí í ṣe ọjọ́ 6 oṣù Kejìlá, a ó yan ọmọdékùnrin kan nínú àwọn akọrin, a ó sì pè é ní Bíṣọ́ọ̀bù. A ó fi aṣọ bíṣọ́ọ̀bù wọ̀ ọ́, a ó fi fìlà bíṣọ́ọ̀bù dé e, a ó sì fi ọ̀pá lé e lọ́wọ́. Oyè rẹ̀ kì í kọjá ọjọ́ 28, tí í ṣe ọjọ́ Àwọn Ọmọ Aláìṣẹ̀ tí Hẹ́rọ́dù pa. Nígbà tí a bá ń kọ orin Màríà, tí a sì dé ẹsẹ tí ó sọ ti bí Ọlọ́run ti ń sọ alágbára kalẹ̀ láti orí ìtẹ́, tí ó sì ń gbé ẹni rírẹlẹ̀ ga, ọmọ náà yóò gòkè lọ jókòó ní ìjókòó bíṣọ́ọ̀bù. Ní Salisbury, àwọn ọmọdé a bọ́ sí ipò àwọn àgbà àlùfáà, àwọn àgbà àlùfáà a sì gba iṣẹ́ ọmọdé, wọn a máa gbé àbẹ́là àti tùràrí.

Ẹ fi ojú inú wò ó, ẹ̀yin àlùfáà ọ̀wọ́n tí ẹ wá bá wa yọ̀: arúgbó tí ó ti gbọ́ ìjẹ́wọ́ ìjòyè tí ó sì ti sin ọba, tí ó ń gbé àbẹ́là níwájú ọmọ tí eyín rẹ̀ kò tíì hù tán! Síbẹ̀ kì í ṣe àwọn aláìmọ̀kan ni ó fi ọwọ́ sí i. John Colet, Díìnì ilé ìsìn Pọ́ọ̀lù Mímọ́ ní Lọ́ńdọ̀nù, ọ̀mọ̀wé tí ó lókìkí ní ìgbà tirẹ̀, fi í sínú òfin ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀ ní ọdún 1518 pé kí àwọn ọmọ máa lọ gbọ́ ìwàásù Bíṣọ́ọ̀bù ọmọdé náà, kí olúkúlùkù sì mú kọ́bọ̀ kan wá fún un. Ọba Henry Kẹjọ ni ó fi òfin dá àṣà náà dúró ní ọdún 1541. Mary ọmọ rẹ̀ mú un padà, nígbà ìjọba Elizabeth ni ó sì parẹ́. Àwọn ará Hereford tún gbé e dìde ní ọdún 1973.

Ní ilẹ̀ Faransé ọ̀rọ̀ náà le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ọdún kan wà níbẹ̀ tí a ń pè ní Ọdún Àwọn Aṣiwèrè, láàárín Kérésìmesì àti àwọn ọjọ́ tí ó tẹ̀ lé Ọdún Tuntun, tí àwọn àlùfáà kéékèèké máa ń ṣe. Ìgbìmọ̀ gbogbo Ìjọ tí ó jókòó ní Basel ti kà á léèwọ̀ ní ọdún 1435. Ní ọdún 1445 àwọn olùkọ́ni nípa Ọlọ́run ní Paris tún kọ ìwé sí àwọn bíṣọ́ọ̀bù láti fi ẹ̀sùn kàn án. Wọ́n ní àwọn àlùfáà ń bo ojú, wọ́n ń wọ aṣọ obìnrin, wọ́n ń ta tẹ́tẹ́ nínú ilé Ọlọ́run, wọ́n ń jẹ ìfun ẹran tí a fi ẹ̀jẹ̀ kún lẹ́gbẹ̀ẹ́ pẹpẹ bí ìsìn ti ń lọ, àti pé dípò tùràrí, ògbólógbòó àtẹ́lẹ̀sẹ̀ bàtà ni wọ́n ń sun. Àwọn tí ń gbèjà ọdún náà dáhùn pé ènìyàn dàbí àgbá wáìnì, tí yóò bẹ́ bí a kò bá ń ṣí i lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan kí afẹ́fẹ́ lè wọlé. Ẹnikẹ́ni nínú wa tí ó bá ti dí ẹnu akèrègbè ẹmu pinpin rí yóò mọ̀ pé òtítọ́ wà nínú àwíjàre wọn. Ṣùgbọ́n àṣejù, baba àṣetẹ́ ni. Ìyàtọ̀ wà láàárín kí a ṣí ẹnu akèrègbè, àti kí a da ẹmu sórí pẹpẹ.

Nígbà tí ó yá, àwọn kan dìde ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọn kò fẹ́ akèrègbè náà rárá. Àwọn Púrítánì ni. A kò gbọdọ̀ pè wọ́n ní òmùgọ̀, nítorí wọ́n ní ẹjọ́ tí wọ́n ń rò: Ìwé Mímọ́ kò sọ ọjọ́ tí a bí Olúwa, inú ìwé kan tí a ṣàkójọ ní Róòmù ní ọdún 354 ni a ti kọ́kọ́ rí ọjọ́ 25 oṣù Kejìlá, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì sọ ọjọ́ náà di ọjọ́ ìmutípara. Nínú oṣù Kẹfà ọdún 1647, Ìgbìmọ̀ Aṣòfin pa ọdún Kérésìmesì rẹ́, pẹ̀lú ti Àjíǹde àti Pẹ́ńtíkọ́sì. Nígbà tí ọjọ́ 25 oṣù Kejìlá dé, olórí ìlú Canterbury pàṣẹ kí a ná ọjà bí ọjọ́ gbogbo. Àwọn ará ìlú kọ̀. Wọ́n fi agídí mú kí àwọn tí ó ṣí ìsọ̀ tì í, wọ́n fi ewé tútù kọ́ ẹnu ilẹ̀kùn, wọ́n gbé bọ́ọ̀lù jáde sí ìgboro, ó sì di ìjà ńlá. Báyìí ni ìlú tí ìtẹ́ Bíṣọ́ọ̀bù Àgbà wà ṣe gbèjà Ìbí Olúwa, tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù.

Ní Massachusetts ní Amẹ́ríkà, òfin ọdún 1659 ni pé kí ẹni tí ó bá ṣe Kérésìmesì san sílè márùn-ún. Òfin náà wà títí di ọdún 1681.

Ṣùgbọ́n èyí tí ó jọ wá lójú jù lọ ni ohun tí ó dé bá John Evelyn, ẹni tí ó kọ ọ́ sínú ìwé ìrántí ojoojúmọ́ rẹ̀. Ní ọjọ́ Kérésìmesì ọdún 1657, òun àti aya rẹ̀ lọ sí ilé ìsìn kan ní Lọ́ńdọ̀nù. Bí a ti ń pín Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa lọ́wọ́, àwọn ọmọ ogun yí ilé náà ká. Wọ́n na ìbọn sí àwọn tí ń lọ síbi Tábìlì Olúwa bí ẹni pé wọn yóò yìn ín lù wọ́n níbẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó sá, wọ́n sì gbà á tán. A há Evelyn mọ́ inú yàrá kan nínú ilé náà, a sì gbà á láàyè láti bá onílé àti àwọn ìyáàfin ọlọ́lá jẹun ọ̀sán. Ní ìrọ̀lẹ́, àwọn ọ̀gágun wá bi í léèrè ìdí tí ó fi gbóyà láti pa ọdún Ìbí mọ́, àti ìdí tí ó fi ń gbàdúrà fún ọba tí a lé kúrò nílùú. Ó ní gbogbo ọba Kristẹni ni òun ń gbàdúrà fún. Wọ́n ní, bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, ó ti gbàdúrà fún ọba Sípéènì pẹ̀lú, ọ̀tá wọn, ọmọ Ìjọ Póòpù! Ọ̀ràn burúkú tòun ti ẹ̀rín. Àwa tí à ń wá gba Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa ní òwúrọ̀ Kérésìmesì láìsí ìbọn lẹ́nu ọ̀nà, ó yẹ kí a máa rántí àwọn tí wọ́n gbà á níwájú ìbọn. Ọba padà sórí ìtẹ́ ní ọdún 1660, ọdún náà sì padà pẹ̀lú rẹ̀.

Ó tún ku ọ̀kan. Ní ọdún 1752, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tún kàlẹ́ńdà ṣe, ọjọ́ 14 oṣù Kẹsàn-án sì tẹ̀ lé ọjọ́ 2. Ọjọ́ 11 lọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí Kérésìmesì ń bọ̀, àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í jiyàn pé èwo ni ọjọ́ tòótọ́. Ní abúlé Quainton, igi ẹlẹ́gùn-ún kan wà tí a sọ pé láti ara igi Glastonbury olókìkí ni a ti gé e, àti pé kì í ṣe aláìrúdì ní alẹ́ tí ó ṣáájú ọdún. Ní alẹ́ ọjọ́ 24 oṣù Kejìlá, àwọn ènìyàn tí ó lé ní 2,000 gbé fìtílà àti àbẹ́là lọ bi igi náà léèrè. Igi kò rúdì. Wọ́n fi ẹnu kò pé ọjọ́ tuntun náà kì í ṣe ọjọ́ Ìbí Olúwa; wọn kò lọ sí ilé ìsìn ní ọjọ́ kejì, wọn kò sì ṣe àlejò. Ọ̀rọ̀ náà le tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn àlùfáà àyíká fi kéde pé a ó ṣe ọjọ́ àtijọ́ bí ti tẹ́lẹ̀. Òfin ti sọ tirẹ̀, kàlẹ́ńdà ti sọ tirẹ̀, ṣùgbọ́n igi ni ó dá ẹjọ́.

Igi ni àwọn ará Quainton lọ bi léèrè. Abẹ́ igi náà ni ọdún yìí ti kọ́kọ́ bá wa ní ilẹ̀ tiwa. Lábẹ́ igi Àgíà ní Àgbádárìgì, ní ọdún 1842, ni Thomas Birch Freeman ti ìjọ Wẹ́sílì àti Henry Townsend ti ìjọ tiwa ti ṣe Kérésìmesì àkọ́kọ́. Townsend wọ Abẹ́òkúta ní ọjọ́ 4 oṣù Kínní ọdún 1843. Ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e, ní ọjọ́ 9 oṣù Kínní ọdún 1844, Àjàyí Crowther ṣe ìsìn ní èdè Yorùbá ní Freetown. Inú orí kìn-ín-ní ìwé Lúùkù, ẹsẹ 35, ni ó ti mú ọ̀rọ̀ rẹ̀, níbi tí áńgẹ́lì ti ń sọ ti Ọmọ tí a ó bí. Igi Àgíà kò rúdì láti fi ọjọ́ han ẹnikẹ́ni. Òjìji ni ó fi ṣe wọ́n lóore, títí ó fi wó ní ọdún 1959.

Láti ìgbà náà ni àwa pẹ̀lú ti ń dá ẹ̀rín tiwa sílẹ̀. Nínú ọyẹ́ tí ń la ètè, a ń kọrin òjò dídì, ohun tí àwọn tí ó túmọ̀ Bíbélì ní láti fi òjò tí a mọ̀ sọ lórúkọ. A ń fi òwú ya òjò dídì náà sára igi. A ń fi ẹ̀wù pupa tí ó nípọn wọ Bàbá Kérésìmesì, a ń fi òwú ṣe irùngbọ̀n rẹ̀, òógùn a sì máa bo ó; ọmọ tí a gbé lọ gba ẹ̀bùn lọ́wọ́ rẹ̀ a fi igbe ta bí ẹni tí ó pàdé eégún. Aṣọ ọdún ọmọ a gùn dé ilẹ̀, kí ó lè lò ó dé Kérésìmesì kẹta. Adìẹ tí a so mọ́lẹ̀ láti ọ̀sẹ̀ méjì a já okùn ní àfẹ̀mọ́júmọ́ ọjọ́ ọdún, gbogbo ilé a sì sáré tẹ̀ lé e, àti ẹni tí ó ti wọ aṣọ ìsìn. Àwọn ará wa Mùsùlùmí a bá wa lé e, wọn a sì bá wa jẹ ẹ́.

Kí ni a rí kọ́ nínú gbogbo èyí? Bí a bá ń sunkún, à máa ríran. Bí a bá sì ń rẹ́rìn-ín, ó yẹ kí a máa ríran pẹ̀lú. Òfin àti ìbọn kò lè mú ẹ̀rín kúrò nínú ọdún yìí, nítorí nínú ọ̀rọ̀ ọdún náà gan-an ni ó ti ń wá: Ọba ayérayé ń sùn níbi tí ẹran ti ń jẹun, àwọn darandaran sì gbọ́ ìròyìn náà kí ọba ìlú tó gbọ́. Níbi tí àgbà bá ti rẹ ara rẹ̀ sílẹ̀ tí ọmọdé fi rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín Kérésìmesì nìyẹn. Ṣùgbọ́n bí a bá ń fi ọmọ opó ṣe yẹ̀yẹ́ nítorí pé kò rí aṣọ tuntun wọ̀, tàbí tí baba ilé yá owó tí yóò san títí di Àjíǹde kí àwọn aládùúgbò má bà á fi í rẹ́rìn-ín, a ti gbé ẹ̀rín náà lé ẹni tí kò tọ́ lórí. Ẹni ńlá ni ẹ̀rín Kérésìmesì máa ń sọ kalẹ̀. Kì í tẹ ẹni kékeré mọ́lẹ̀. Ṣe bí o ti mọ, ẹlẹ́wà Sàpọ́n, ni a ó máa sọ fún ara wa. Fún opó àti ọmọ rẹ̀ ni a ó sì kọ́kọ́ bu oúnjẹ.

Kí Ọlọ́run tí ó mú ìjọ yìí la ọgọ́rùn-ún Kérésìmesì já jẹ́ kí àwọn ọmọ wa ṣe ọgọ́rùn-ún mìíràn ní àlàáfíà, kí wọ́n sì rẹ́rìn-ín níbi tí ó tọ́. Ẹ kú ọdún, ẹ kú ìyèdún. Àmín.