Àwọn Òkè Tí Ó Ti Wà Kí Olú-Ìlú Tó Dé

Àwa ọmọ Yorùbá kì í bèèrè ohun tí òkè ń ṣe fún ènìyàn, nítorí pé nígbà tí ogun tú igbó Ẹ̀gbá ká, tí àwọn tí ikú ṣẹ́kù kó ara wọn jọ sábẹ́ Olúmọ ní 1830, ihò àpáta ni ilé àkọ́kọ́ tí wọ́n ní kí Abẹ́òkúta tó di ìlú. Bẹ́ẹ̀ náà sì ni àwọn ará Ìdànrè gbé orí òkè wọn láti ayébáyé, tí ọ̀tá ń wò wọ́n láti ìsàlẹ̀ bí ajá ti ń wo ẹran orí àjà. Nítorí náà, bí a bá gbọ́ pé àwọn Gbagyi, tí àwọn Haúsá ń pè ní Gwari, fi ẹ̀yìn ti àwọn òkè ilẹ̀ tí a ń pè ní Àbújá lónìí, tí ogun bá dé kí wọ́n gun orí àpáta lọ, kò yẹ kí ó ṣe wá ní kàyéfì.

Àwọn òkè wọ̀nyí dàgbà ju ìtàn ẹnikẹ́ni lọ. Àwọn onímọ̀ nípa ilẹ̀ sọ pé ní nǹkan bí 600 mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn ni ooru inú ilẹ̀ yọ́ òkúta ní ọ̀pọ̀ ibi lábẹ́ ilẹ̀ tí ó di Nàìjíríà, tí òkúta yíyọ́ náà ń ru bọ̀ wá sókè, tí ó sì tutù, tí ó dì, kí ó tó rí ojú ọ̀run. Lẹ́yìn náà ni òjò àti oòrùn bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ ilẹ̀ tí ó bò ó mọ́lẹ̀, díẹ̀díẹ̀, títí ohun tí a sin fi yọrí, tí ohun tí ó sin ín sì di erùpẹ̀ àti amọ̀ ní àfonífojì. Amọ̀ yìí kò ṣòfò. Ọwọ́ àwọn obìnrin Gbagyi ni ó bọ́ sí, òun náà ni Ladi Kwali, ọmọ Kwali, fi mọ àwọn ìkòkò tí òkìkí wọn kan dé òkè òkun lẹ́yìn tí Michael Cardew, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, dá ilé ẹ̀kọ́ ìkòkò mímọ sílẹ̀ ní Àbújá àtijọ́ (Suleja òde òní) ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950.

Nínú gbogbo àwọn òkè náà, Zuma ni baba. Zuma, arójò-má-sá, àpáta tí kò ní ẹnìkejì ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà Kàdúná, ga tó nǹkan bí 300 mítà sókè ilẹ̀ tí ó yí i ká, ìhà rẹ̀ sì gún régé débi pé ẹsẹ̀ ewúrẹ́ pàápàá kò lè rí ibi tẹ̀. Ibi tí omi òjò ń gbà ṣàn sílẹ̀ lára rẹ̀ láti ìran dé ìran ti fi àpá dúdú àti funfun sílẹ̀, àwọn ènìyàn sì ń tọ́ka sí ojú, imú àti ẹnu níbẹ̀. Èmi kò bá wọn jiyàn. Ẹni tí ó bá ń wá ojú lára òkúta yóò rí i. Òkè Àṣo kò dá dúró gedegbe bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ṣóńṣó orí rẹ̀ fi 936 mítà ga ju ojú òkun lọ, ẹ̀yìn rẹ̀ sì ni oòrùn ti ń yọ sórí olú-ìlú.

Àwọn Gbagyi nìkan kọ́ ni ó ni agbègbè náà, nítorí Koro wà níbẹ̀, Gade àti Bassa náà sì wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n Gbagyi ni ènìyàn máa ń rántí, pàápàá nítorí pé wọn kì í ru ẹrù lórí: èjìká ni wọ́n ń gbé e lé, wọ́n ní orí ni ọba ara, a kì í sì í di ẹrù lé ọba. Ta ni ó yẹ kí ó gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí yé ju ọmọ Yorùbá tí ń bọ orí rẹ̀ lọ? Àlejò sì dé bá wọn: ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni àwọn Fúlàní gba Zaria, Makau tí ó jẹ́ ọba Haúsá níbẹ̀ sì kó àwọn ènìyàn rẹ̀ sá wá sí Zuba, ìlú àwọn Koro, ní ìtòsí Zuma. Àbúrò rẹ̀ Abu Ja ni ó tẹ ìlú dó ní 1828, ìlú náà sì ń jẹ́ orúkọ rẹ̀. Àwọn tí ó gba Zaria kò rí ìlú yìí gbà títí àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi dé ní 1902. Ògiri ìlú ṣe tirẹ̀, àwọn akọni ṣe tiwọn, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá mọ ilẹ̀ náà mọ̀ pé òkè pẹ̀lú jagun.

Omi tuntun wá rú ní 1975, nígbà tí ìjọba Murtala Muhammed ní kí Adájọ́ Akínọlá Àgúdà àti ìgbìmọ̀ rẹ̀ wá ibi tí a ó kó olú-ìlú kúrò ní Èkó lọ. Àárín orílẹ̀-èdè ni wọ́n yàn, wọ́n sì gbà pé kò sí ẹ̀yà ńlá kan tí yóò pe ibẹ̀ ní tirẹ̀. Òfin Kẹfà ti ọjọ́ 4 oṣù Kejì 1976 fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀, ọjọ́ mẹ́sàn-án lẹ́yìn náà ni a pa Murtala. Ilẹ̀ tuntun gba orúkọ Àbújá, ìlú Abu Ja sì di Suleja, a fi orúkọ Suleimanu Barau, ọba tí ó wà lórí ìtẹ́ nígbà náà, sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ tí àwọn kan wá ń sọ pé ilẹ̀ náà kò ní onílẹ̀ ni kò dùn mọ́ mi nínú. Nígbà tí Akin Mabogunje àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ láti Yunifásítì Ìbàdàn lọ yẹ ilẹ̀, omi, igi àti abúlé ibẹ̀ wò, ènìyàn ni wọ́n bá níbẹ̀, wọn kò bá aṣálẹ̀. Ìjọba ti kọ́kọ́ pinnu láti kó gbogbo wọn kúrò. Nígbà tí owó tí yóò ná wọn hàn, wọ́n yí ohùn padà, wọ́n ní kí ẹni tí ó bá fẹ́ dúró máa dúró.

Nínú ètò ìlú tí a parí ní 1979, a kò fi ọwọ́ kan àwọn òkè ńláńlá. Kenzo Tange, ayàwòrán-ilé ará Jàpáánì tí ó ṣètò àárín ìlú, da ojú òpópónà ńlá rẹ̀ kọ Àṣo gan-an, kí ẹni tí ó bá ń bọ̀ má baà wo ibòmíràn. Ní ọjọ́ 12 oṣù Kejìlá 1991 ni Ààrẹ Babangida kó ìjọba dé abẹ́ òkè náà, láti ọjọ́ náà sì ni ọmọ ogun ti ń ṣọ́ ọ. Òkè tí ó ń gba ènìyàn là tẹ́lẹ̀ ni a wá ń gbà lọ́wọ́ ènìyàn, bóyá ìdí sì nìyí tí àpáta tí ó ní ààbò jù lọ ní Nàìjíríà fi jẹ́ èyí tí ẹnikẹ́ni kò lè gùn.

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé nítorí pé ó jẹ́ òkè ni a ṣe ń ṣọ́ ọ. Òfin 1979 tí ó dá àjọ tí ń bójú tó ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé àti àwọn ibi ìrántí sílẹ̀, iṣẹ́ ọwọ́ ènìyàn àti ìyókù ibùgbé àtijọ́ ni ó tẹjú mọ́. Òkúta tí Ẹlẹ́dàá nìkan gbẹ́ kò rí àyè tó níbẹ̀. Ní Mpape, lórí òkè tí ó wo àdúgbò Maitama nísàlẹ̀, àpáta náà ni a ń fọ́ tí a ń lọ̀ di òkúta wẹ́wẹ́ fún ilé àti títì olú-ìlú. Zuma pẹ̀lú, tí wọ́n yà sẹ́yìn owó ọgọ́rùn-ún náírà tí Awólọ́wọ̀ wà níwájú rẹ̀ ní 1999, tí gbogbo ayé sì ń pè ní ilẹ̀kùn Àbújá, kò sí lórí ilẹ̀ Àbújá rárá: ìpínlẹ̀ Niger ni ó ni ín. Sabon Wuse náà wà ní ìpínlẹ̀ Niger, níbi tí a kó àwọn ará Wuse lọ kí a tó fi orúkọ wọn sọ àdúgbò olówó. Bí ọ̀kan nínú wọn bá sì fẹ́ ná ọjà Wuse lónìí, yóò wọ ọkọ̀ kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ Zuma, yóò sì san owó ọkọ̀.